Ẹ má fi àwọn ọ̀mùtí inú The Tempest ṣe ẹ̀rín lásán

Àṣìṣe tí mo kọ́kọ́ máa ń rí lọ́wọ́ àwọn tó ń kọ ìdánwò lórí The Tempest, eré Shakespeare, tàbí tó fẹ́ gbé e sórí ìtàgé, ni pé wọ́n á ka Stephano agbọ́tí ọba, Trinculo aláwàdà ọba, àti Caliban, ọmọ erékùṣù tí wọ́n sọ di ẹrú, sí ẹ̀rín tí Shakespeare fi ń dá wa lára yá kí ìtàn gidi tó máa bá a lọ. Bẹ́ẹ̀ kọ́. Nínú ìṣe kejì, Antonio, tó lé Prospero ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kúrò lórí oyè Milan ní ọdún 12 sẹ́yìn, ń ti Sebastian pé kó pa Alonso ọba Naples, tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n Sebastian fúnra rẹ̀, lójú oorun. Ìran tó tẹ̀ lé e gan-an ni Caliban ti pàdé Stephano tó ti yó kẹ́ri. Kò pẹ́ tí àwọn náà ń gbèrò àtipa Prospero. Ọ̀tẹ̀ kan náà ni, ọtí ni wọ́n bù mọ́ ọn.

Ẹ má sì sọ pé ìgò nìkan ló yí Caliban lọ́kàn padà. Nígbà tí Prospero, tó jẹ́ oṣó, dé erékùṣù tí Caliban ń gbé, ó kẹ́ ẹ, ó fún un lómi tí èso wà nínú rẹ̀. Caliban náà fi ìsun omi àti ilẹ̀ ọlọ́ràá hàn án, kó tó wá di ẹrú. Ìlérí tó ṣe fún Stephano kò yàtọ̀: màá fi ìsun omi hàn ọ́, màá já èso fún ọ. Ẹni tó ti ta ilé rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ló tún ń tà á, ó sì dùn mí ju bó ṣe pa mí lẹ́rìn-ín lọ. Kò yà mí lẹ́nu pé nígbà tí Aimé Césaire ará Martinique tún eré náà kọ ní 1969, ẹ̀yìn Caliban ló wà, ó sì mú Èṣù wá da àríyá Prospero rú.

Ẹ̀yin òṣèré, ẹ yé ta gẹ̀gẹ̀ káàkiri. Trinculo sá òjò sábẹ́ aṣọ Caliban, Stephano rí ẹsẹ̀ mẹ́rin, ó gbọ́ ohùn méjì. Bí ẹ̀rù kò bá bà á ní tòótọ́, ta ni yóò rẹ́rìn-ín? Nígbà tí Ariel, iwin Prospero tí wọn kò rí, bá sì ń sọ pé “irọ́ lò ń pa”, kí Trinculo dúró bí ẹni tí kò lanu rárá, nítorí òun ni Stephano máa lù. Ìran yẹn kan náà ni Caliban ti sọ̀rọ̀ àwọn ohùn dídùn tó ń dún ní erékùṣù náà. Ọ̀mùtí méjì ló sọ ọ́ fún. Ẹ má gé e kúrò.

Àwọn kan ní Caliban ni òmùgọ̀ jù nínú wọn. Ẹ wo ẹnu ọ̀nà Prospero: aṣọ olówó iyebíye tí wọ́n sá síbẹ̀ ti gba ọkàn Stephano àti Trinculo, Caliban ló ń pariwo pé àkísà ni, ẹ jẹ́ ká pa Prospero ná. A kì í fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀ pa làpálàpá, àmọ́ wọn kò gbọ́, títí àwọn iwin fi gbé àwọ̀ ajá wọ̀ lé wọn. Níkẹyìn, Caliban pe ara rẹ̀ ní kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ tó sọ ọ̀mùtí di òrìṣà, ó sì wọlé lọ tún ihò àpáta Prospero ṣe.