Ọbẹ̀ Kábéèjì Wẹ́wẹ́ Tó Kúnná: Ìwé Ìtọ́sọ́nà fún Àgbẹ̀ àti Ìdílé ní Abẹ́òkúta

Bí ẹ bá yọjú sínú fìrísà àwọn ilé ìtajà ńlá, ẹ lè rí ọ̀rá kan tó kún fún ohun tó jọ kábéèjì, àmọ́ tó kéré: ó rí roboto, àwọ̀ rẹ̀ jẹ́ ti ewé tútù, kò sì tóbi ju àgbálùmọ̀ kékeré lọ. Brussels sprouts ni wọ́n kọ sára ọ̀rá náà. Kábéèjì wẹ́wẹ́ la ó máa pè é nínú ìwé yìí. Ìbátan kábéèjì ni lóòótọ́, àmọ́ kì í ṣe ọmọ kábéèjì tí wọ́n já kó tó gbó. Ọ̀pá kan ṣoṣo ló máa ń nà sókè ṣánṣán, tí kóró wọ̀nyí á so mọ́ ọn lára láti ìsàlẹ̀ dé òkè, ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ìdí ewé kọ̀ọ̀kan. Ìlú Brussels ní ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀mù ló ti gba orúkọ, ilẹ̀ olótùútù sì nìyẹn.

Àwọn ìyá tó rà á wá sílé ti sọ fún wa pé àwọn kò ní rà á mọ́. Wọ́n gbé e kaná bí ẹni ń se ẹ̀wà, ó rùn gba gbogbo ilé, àwọn ọmọ kọ̀ ọ́, ó di ààtàn. Owó ńlá ló bá a lọ. Ó dùn wá, nítorí kì í ṣe ẹ̀bi ẹ̀fọ́ náà. Ooru ni ọ̀tá rẹ̀. Ooru ń bà á jẹ́ lóko, ó ń bà á jẹ́ lójú ọ̀nà ọjà, ooru àpọ̀jù inú ìkòkò ló sì ń bà á jẹ́ jù lọ.

Ẹ̀yin àgbẹ̀, ẹ gbọ́ èyí kí ẹ tó ra irúgbìn

Níbi ìpàdé àwọn àgbẹ̀, ẹnìkan á sáà béèrè pé, "Ṣé ilẹ̀ Ẹ̀gbá kò lè hù ú ni?" Ilẹ̀ lè hù ú, ojú ọjọ́ ni kò gbà á. Ibi tí ooru rẹ̀ wà láàárín 15 sí 18 lórí òṣùwọ̀n Celsius ni ara rẹ̀ ti máa ń yá. Bí ooru bá ti ń kọjá 24, kóró rẹ̀ kì í fẹ́ dì mọ́. Níhìn-ín, ọ̀sán gangan sábà máa ń kọjá 30, àní nígbà ọyẹ́ pàápàá. Bẹ́ẹ̀ ló tún ń fẹ́ oṣù mẹ́ta tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ lórí ilẹ̀ lẹ́yìn tí a bá ti lọ́ ọ. Nílẹ̀ Yúróòpù, inú àgbẹ̀ máa ń dùn bí òtútù líle bá bà á kí wọ́n tó ká a, torí pé òtútù máa ń jẹ́ kí adùn rẹ̀ pọ̀ sí i.

Mo ti gbin ọ̀pá mẹ́wàá wò rí, nínú oṣù kọkànlá, mo rò pé ọyẹ́ á gbè mí. Ewé rẹ̀ pọ̀, ó gbòòrò, ó wu ojú. Nígbà tí kóró yóò yọ, gbogbo rẹ̀ ṣí gbayawu bí òdòdó, kò sí èyí tó dì. Ewé orí rẹ̀ la já, la sè jẹ. Ewé náà dára ní jíjẹ, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó máa ra èyí lọ́wọ́ yín ní Kútọ̀. Orí òkè Jos, tó ga ju mítà 1,200 lọ, ni irú ẹ̀fọ́ òyìnbó báyìí ti máa ń rí ojú ọjọ́ tó bá a mu ní Nàìjíríà.

Kábéèjì olórí ni kí àgbẹ̀ Abẹ́òkúta kọjú sí. Irú tí wọ́n ń pè ní KK Cross máa ń fara da ooru ju ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Ẹ gbìn ín nígbà ẹ̀rùn sí ibi tí omi kò jìnnà sí, bí ẹ̀bá odò Ògùn àti àwọn àkùrọ̀ wa. Ẹ jẹ́ kó lo ọ̀sẹ̀ mẹ́rin sí márùn-ún níbi ìtọ́jú irúgbìn, kí ẹ fi sẹ̀ntímítà 45 sí 60 sáàárín ọ̀kan sí èkejì nígbà tí ẹ bá ń lọ́ ọ, kí ẹ sì máa bomi rin ín déédéé. Ní nǹkan bí oṣù méjì sí méjì àbọ̀ lẹ́yìn náà, orí rẹ̀ á ti dì. Ọmọ àfòpiná kékeré kan ló máa ń yọ ọ́ lẹ́nu jù, kòkòrò tínínrín aláwọ̀ ewé tó ń lu ewé jálujàlu. Ẹ máa yí abẹ́ ewé wò lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀. Omi èso dóńgóyárò tí a gún ń ṣiṣẹ́ sí i. Bó bá di dandan pé kí ẹ lo oògùn, ẹ ka iye ọjọ́ tó wà lára ike rẹ̀ láàárín fífín àti kíkórè, kí ẹ sì pa á mọ́. Àwọn ọmọ ló ń jẹ ẹ̀fọ́ yìí.

Rírà

Kábéèjì wẹ́wẹ́ tútù tó dára máa ń le lọ́wọ́, ó máa ń wúwo ju bó ṣe rí lọ, ewé rẹ̀ kì í pọ́n. Èyí tó wà nínú fìrísà ló ṣeé ṣe kí ẹ rí jù. Ẹ mi ọ̀rá náà. Bó bá ń dún wóróworo bí òkúta wẹ́wẹ́, ẹ rà á. Bó bá ti dì pọ̀ di odidi kan, ó ti yọ́ rí, wọ́n sì tún dá a padà sínú òtútù. Ẹ fi sílẹ̀ níbẹ̀, ohun yòówù kí ẹni tó ń tà á sọ. Ẹ ra ata, àlùbọ́sà àti gbogbo ohun mìíràn kọ́kọ́, kí ti fìrísà jẹ́ àrágbẹ̀yìn, kí ẹ sì wé e sínú bébà ìròyìn tó nípọn kí ẹ tó wọ mọ́tò.

Bí ẹ kò bá rí i, tàbí owó rẹ̀ kò wọlé, ẹ fi kábéèjì olórí tí ẹ gé wẹ́wẹ́ ṣe é ní ìwọ̀n kan náà. Ọbẹ̀ náà á funfun díẹ̀ sí i, adùn rẹ̀ kò sì jìnnà síra.

Sísè

Fún ènìyàn mẹ́rin, ẹ wá gíráàmù 500 kábéèjì wẹ́wẹ́, pòtétò ńlá méjì (èyí tí ará ọjà ń pè ní Áírìṣì), àlùbọ́sà ńlá kan, ọmọ aáyù méjì, ṣíbí bọ́tà méjì, omi adìyẹ tó kún ike 75 cl kan, mílíìkì inú agolo tó tó mílílítà 150, iyọ̀, àti iyèrè díẹ̀ tí a gún. Iyèrè yìí ni èmi fẹ́ràn jù ata mìíràn lọ níbí. Òórùn rẹ̀ bá ẹ̀fọ́ yìí mu gidigidi. Ẹni tí mílíìkì máa ń run nínú lè fi àgbọn tí a rin, tí a fún omi rẹ̀, rọ́pò rẹ̀, tàbí ìdajì ife kajú tí kò níyọ̀, tí a rẹ sínú omi gbígbóná fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, kí a lọ̀ ọ́ mọ́ ọbẹ̀. Bó bá jẹ́ mílíìkì tútù tí àwọn Fúlàní ń tà lẹ rí, ẹ kọ́kọ́ sè é hó dáadáa lọ́tọ̀.

Ẹ ṣí ewé tó ti pọ́n kúrò lára kábéèjì wẹ́wẹ́, ẹ gé ìdí rẹ̀ fẹ́ẹ́fẹ́ẹ́, ẹ rẹ ẹ́ sínú omi oníyọ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí kòkòrò tó sá pamọ́ lè jáde, ẹ ṣan án, ẹ là á sí méjì. Ti fìrísà kò nílò gbogbo èyí; ẹ má dúró kó yọ́, bó ṣe dì náà lẹ máa dà á sínú ìkòkò.

Ẹ yọ́ bọ́tà lórí iná kékeré, ẹ da àlùbọ́sà tí ẹ gé sí i, kó rọ̀ fún bí ìṣẹ́jú méje láìpọ́n. Ẹ fi aáyù sí i. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú kan, ẹ da pòtétò tí ẹ bó tí ẹ sì gé kéékèèké sí i pẹ̀lú omi adìyẹ, ẹ dé e, kó sè fún ìṣẹ́jú 12 sí 15, títí ọ̀bẹ á fi wọ inú pòtétò wọ́ọ́rọ́wọ́. Pòtétò yìí ló máa mú kí ọbẹ̀ ki, kó sì kúnná. Ẹ má fi fíláwà kankan sí i.

Ìgbà tí pòtétò bá ti jinná tán pátápátá ni kábéèjì wẹ́wẹ́ tó wọlé. Ẹ ṣí ìdérí ìkòkò sílẹ̀. Èyí tó tútù fẹ́ ìṣẹ́jú mẹ́fà sí méje, èyí tó ti fìrísà wá fẹ́ mẹ́rin sí márùn-ún lẹ́yìn tó bá tún ti hó. Ẹ fi ọ̀bẹ gún un: kó wọlé, àmọ́ kó ṣì le díẹ̀, kí àwọ̀ rẹ̀ sì mọ́lẹ̀ ju ti ìgbà tí ẹ dà á sí i lọ. Ẹ sọ̀ ọ́ lójú ẹsẹ̀.

Wọ́n ní ọbẹ̀ tó dùn, owó ló pa á. Ti ọbẹ̀ yìí, aago ni. Èròjà kan tó ní imí ọjọ́ nínú wà lára gbogbo ìdílé kábéèjì. Òun ló ń fún un ní ìkorò díẹ̀ tó ní. Bí iná bá pẹ́ lórí rẹ̀, èròjà náà á fọ́, á di afẹ́fẹ́ tó ń rùn bí ẹyin tó ti bàjẹ́, bí ìṣẹ́jú sì ṣe ń gorí ìṣẹ́jú ni òórùn náà ń pọ̀ sí i. Ohun tó sì mú kí a ní kí ẹ ṣí ìdérí ni pé kíkan inú ẹ̀fọ́ máa ń bá ooru omi gòkè. Bí a bá dé e, á padà kán sínú ọbẹ̀, á sì sọ àwọ̀ ewé tútù di ti ewé tó ti gbẹ.

Ẹ jẹ́ kó tutù fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí ẹ tó lọ̀ ọ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má fojú kékeré wo ibí yìí. Ooru inú bíléńdà lè ti ìdérí rẹ̀ fò, mo sì mọ ìyá kan tí ọbẹ̀ gbígbóná bó lápá bẹ́ẹ̀. Ẹ má jẹ́ kó kọjá ìdajì bíléńdà, ẹ yọ ìdérí kékeré tó wà lórí èyí ńlá, ẹ fi aṣọ tó nípọn bò ó, kí ẹ sì bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú eré tó lọ́ra jù. Bí kò bá sí iná, ọlọ ń ṣe é, odó náà ń ṣe é. Kò ní kúnná tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ó ṣì dùn.

Ẹ dá a padà sínú ìkòkò lórí iná tó rẹlẹ̀, ẹ máa da mílíìkì sí i díẹ̀díẹ̀, kí ẹ máa fi ìjábẹ̀ rò ó. Kó gbóná, kó má hó, kí mílíìkì má baà dì wẹ́wẹ́. Kó ki bíi gbẹ̀gìrì tó dára. Bó bá ki jù, ẹ fi omi gbígbóná là á. Iyọ̀ àti iyèrè ló kù. Ẹni tó bá fẹ́ ọsàn wẹ́wẹ́ kí ó fún un sínú abọ́ tirẹ̀, kì í ṣe sínú ìkòkò.

Ṣíbí la fi ń mu ọbẹ̀ yìí, pẹ̀lú búrẹ́dì tàbí iṣu sísè. Láfún ní ọbẹ̀ tirẹ̀.

Ara àti ìtọ́jú

Gíráàmù 100 kábéèjì wẹ́wẹ́ tútù ní nǹkan bíi mílígíráàmù 85 fítámì C, ó ju ti ọsàn lọ. Omi tí a fi sè é ni ọ̀pọ̀ nínú rẹ̀ máa ń yọ́ sí, ìdí nìyẹn tí ọbẹ̀ fi sàn ju kí a bọ̀ ọ́ kí a sì da omi rẹ̀ nù. Fítámì K pọ̀ nínú rẹ̀ pẹ̀lú. Ẹni tó ń lo warfarin, oògùn tí kì í jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ dì, kò gbọdọ̀ ṣàdédé máa jẹ ẹ́ púpọ̀. Kí ó kọ́kọ́ bá dókítà rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ẹni tó bá sì ń jẹ ẹ́ fún ìgbà àkọ́kọ́, abọ́ kékeré kan ti tó, nítorí ó lè fẹ́ inú.

Ẹ má fi ìyókù sílẹ̀ lórí tábìlì ju wákàtí méjì lọ; lọ́jọ́ tí ooru bá mú gan-an, wákàtí kan. Ẹ pín in sínú abọ́ tí kò jinlẹ̀ kó lè tètè tutù, kí ẹ gbé e sínú fíríìjì, ó lè lo ọjọ́ mẹ́ta níbẹ̀ bí iná bá dúró. Bí iná bá lọ, tí inú fíríìjì kò tutù mọ́ fún ju wákàtí mẹ́rin lọ, ẹ dà á nù. Nígbà tí ẹ bá fẹ́ mu ún, ìwọ̀n tí ẹ máa mu tán nìkan ni kí ẹ bù sínú ìkòkò kékeré. Ẹ máa rò ó títí á fi gbóná janjan dé inú, kí ẹ sọ̀ ọ́, kí ìyókù má kúrò nínú òtútù.