Bí ẹnìkan bá kọ etí ikún sí àṣẹ kóòtù

Ọ̀kun o. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọkùnrin kan mú àṣẹ kóòtù wá fi hàn mí ní Kàbà níbí. Wọ́n ní kí àbúrò bàbá rẹ̀ má wọ oko kajú kan títí ẹjọ́ yóò fi parí, bẹ́ẹ̀ bàbá yẹn ṣì ń ṣa kajú lójoojúmọ́. Ó ní kí n bá òun pe ọlọ́pàá. Mo ní rárá. Ọdún 19 ni mo fi ṣe bélífù, òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń fi ìwé ẹjọ́ jíṣẹ́, kí n tó fẹ̀yìntì, ohun tí mo sọ fún un nìyí.

Ẹ kọ́kọ́ ka àṣẹ náà. Bí kóòtù bá kàn sọ pé tiyín ni ilẹ̀, láìsọ pé kí ẹnikẹ́ni ṣe nǹkan tàbí kó má ṣe é, kò sí àṣẹ tí ẹnìkan rú. Ti ọmọkùnrin yìí dára, "má wọ̀ ọ́" ló wà níbẹ̀. Gbèsè owó ní ọ̀nà tirẹ̀.

Ẹ wá lọ gba ẹ̀dà tí rẹjísítírà lu òǹtẹ̀ tó sì jẹ́rìí sí. Fọ́tò orí fóònù kò tó. Fọ́ọ̀mù 48 ni wọ́n ń fi tì í lẹ́yìn, ìkìlọ̀ ni: bí o bá kọ̀, ẹ̀wọ̀n ń bẹ.

Ibi tí ẹjọ́ ti ń bàjẹ́ jù ni fífún ẹni tí àṣẹ náà dè ní ìwé yìí. Òun fúnra rẹ̀ ni, kì í ṣe ìyàwó rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni mo gun ọ̀kadà lọ bá bàbá kan lọ́nà Ìyàmoyè. Lẹ́ẹ̀kẹta, mo bá a lábẹ́ igi, ó ń já hóró kúrò lára èso kajú. Bó ṣe rí mi, ó ki ọwọ́ méjèèjì bọ àpò. Mo pè é lórúkọ, mo sọ ohun tí ìwé náà jẹ́, mo gbé e lé apẹ̀rẹ̀ iwájú rẹ̀. Kí n tó gun ọ̀kadà, mo ti kọ ọ́ sẹ́yìn ẹ̀dà tèmi: aago 10 kọjá ìṣẹ́jú 20, lábẹ́ igi kajú, ó ki ọwọ́ bọ àpò. Ọjọ́ tí lọ́yà rẹ̀ ní kò rí ìwé, ìlà yẹn ló wà nínú ìwé ìbúra (àfídáfíìtì) mi. Bí ó bá ń sá, kí lọ́yà yín tọrọ àṣẹ láti lẹ̀ ẹ́ mọ́ ilẹ̀kùn rẹ̀. Ẹ má lẹ̀ ẹ́ fúnra yín.

Lẹ́yìn tó bá gba ìwé náà, ọjọ́ 2 gbáko gbọ́dọ̀ kọjá kí Fọ́ọ̀mù 49 tó jáde, èyí tó ń pè é wá sọ ìdí tí kò fi yẹ kó lọ sẹ́wọ̀n. Ìkánjú ti tú ọ̀pọ̀ ẹjọ́ ká níbẹ̀. Ohun tó ṣe lẹ́yìn tó gba ìwé ni kẹ́ ẹ kọ sínú ìbúra, tọjọ́-tọjọ́, iye àpò tó kó. Bí iyèméjì bá kù, tirẹ̀ ni àǹfààní.

Bó bá jẹ́ ẹ̀yin ni wọ́n mú ìwé wá fún ńkọ́? Ẹ dáwọ́ dúró ná, kódà bí àṣẹ náà kò bá tọ́. Pé ẹ ti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn kò dá a dúró. Ẹ gbọ́dọ̀ bẹ kóòtù kó dá a dúró ni. Ìjọba ológun Èkó kọ̀ láti dá Ojukwu padà sílé bí kóòtù ṣe ní kí wọ́n ṣe. Lọ́dún 1986, ilé-ẹjọ́ tó ga jù kọ ẹ̀bẹ̀ wọn pé kó dá àṣẹ náà dúró. Ẹ jáde kúrò lóko, ẹ lọ síwájú adájọ́, ẹ tọrọ àforíjì. Mo ti rí ẹni tó tibẹ̀ lọ sílé.

Ọmọkùnrin yẹn padà dé lọ́jọ́ Ẹtì pẹ̀lú ẹ̀dà olóòǹtẹ̀. Ojú ìwé kejì kò ní òǹtẹ̀. Mo dá a padà.