Bí mo ṣe kó ohùn aríran kan kúrò nínú kásẹ́ẹ̀tì

Àwọn ọmọ aríran kan tó ti dolóògbé ló kó kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ fún mi. Ohùn rẹ̀ lójúran ló wà níbẹ̀, àti ti àwọn tó wá béèrè ọ̀rọ̀ àìsàn, ìgbéyàwó àti òkú wọn.

Kí n tó ki èyíkéyìí bọ ẹ̀rọ, mo ya fọ́tò ohun tí wọ́n kọ sára rẹ̀, mo sì ṣẹ́ ike kékeré méjì tó wà lẹ́yìn rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má baà gba ohùn mìíràn lé e. Mo fi òwú àti ọtí ìfọ̀ nu irin tó ń ka téèpù. Bí irin yìí bá tẹ̀ díẹ̀, ohùn á máa dún bíi ti ẹni tó fi aṣọ bonu. Mo rọra yí sikúrù ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ títí ọ̀rọ̀ fi já gaara. WAV, irú faìlì ohùn tí kì í gé nǹkan kan sọnù, ni mo fi pamọ́, bíìtì 24, 96 kHz (òṣùwọ̀n bí ohùn ṣe kún rẹ́rẹ́ tó). IASA, ẹgbẹ́ àgbáyé àwọn tó ń tọ́jú ohùn, ní kó má kéré sí bíìtì 24 àti 48 kHz. Kò sí ọ̀nà àbùjá: téèpù wákàtí kan, wákàtí kan náà ni yóò gbà.

N ò fọ ariwo kúrò lára faìlì àkọ́kọ́. Èémí aríran máa ń yí padà bó bá ń wọ ojúran, ohun tó ń pa ariwo sì lè pa èémí mọ́ ọn. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìdákẹ́jẹ́ rẹ̀, n ò fẹ́ kó sọnù. Ẹ̀rọ tó ń sọ ohùn di ìwé lè fi ọ̀rọ̀ tí ẹnì kankan ò sọ dí àlàfo, nítorí náà etí ara mi ni mo fi yẹ gbogbo rẹ̀ wò, mo sì kọ ìṣẹ́jú tí ìdákẹ́jẹ́ kọ̀ọ̀kan bẹ̀rẹ̀.

Ọ̀dọ̀ àwọn tó tọ́jú ọ̀rọ̀ Edgar Cayce, aríran ará Amẹ́ríkà kan, ni mo ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń to nǹkan. Ní 1923 ni Gladys Davis, akọ̀wé rẹ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ohun tó bá sọ lójú oorun sílẹ̀. Àkọsílẹ̀ ìjókòó tó ṣẹ́ kù lé ní 14,000. Nọ́ńbà ló rọ́pò orúkọ: ti àkọ́kọ́ fún oníbèéèrè, èkejì fún ìjókòó. Èmi náà ṣe bẹ́ẹ̀, torí àṣírí àìsàn èèyàn kì í ṣe ohun à ń tẹ́ sójú ọjà.

Ìbéèrè ni mo gbádùn jù. Nígbà tí mo tò ó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìdáhùn, mo rí i pé oníbèéèrè ti sọ ìdajì ọ̀rọ̀ kí aríran tó lanu. Àmọ́ ìdajì yòókù máa ń yà mí lẹ́nu nígbà mìíràn.

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà fẹ́ kí n yọ àsọtẹ́lẹ̀ tí kò ṣẹ kúrò. Mo kọ̀. Ní 1940, Cayce sọ pé apá kan Atlantis, ilẹ̀ inú ìtàn tí wọ́n ní òkun bò mọ́lẹ̀, yóò yọ jáde ní 1968 tàbí 1969. Ilẹ̀ kankan ò yọ, ìwé náà ṣì wà nínú àkójọ rẹ̀.