Bí a ṣe ń fi environment variable sínú kọ̀ǹpútà láti ojú Terminal

Ká ní o kọ ètò kékeré kan tó ń tẹ rìsíìtì fún ìyá aláàdìrẹ kan l'Ábẹ́òkúta. Ìyá yìí ní ṣọ́ọ̀bù méjì, ọ̀kan n'Ítòkú, èkejì ní Láfẹ́ńwá. Orúkọ tó máa wà lókè rìsíìtì kò jọra, password tí ṣọ́ọ̀bù kọ̀ọ̀kan fi ń wọlé sí àkọsílẹ̀ ọjà kò jọra. Tó o bá kọ gbogbo ẹ̀ mọ́ inú kóòdù, ẹ̀dà méjì lo máa máa tọ́jú, ẹni tó bá sì rí kóòdù ti rí password. Ohun tó o nílò ni environment variable: o fún ìsọfúnni kan lórúkọ, o fi pamọ́ síta kóòdù, ètò á wá bèèrè rẹ̀ nígbà tó bá fẹ́ ṣiṣẹ́.

Kọ́kọ́ wo àwọn tó ti wà níbẹ̀. Lórí Linux tàbí Mac, ṣí Terminal (ojú tá a ti ń tẹ àṣẹ fún kọ̀ǹpútà), tẹ `printenv`. Ní Command Prompt ti Windows, tẹ `set`. Wàá rí PATH (àwọn fódà tí kọ̀ǹpútà ti ń wá àṣẹ tó o bá tẹ̀) àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Fi wọ́n sílẹ̀ bí wọ́n ṣe wà.

Wá fi tìrẹ kún un. Lórí Linux tàbí Mac:

export ITAJA="Ìtòkú"
echo "$ITAJA"

Má fi àlàfo sí ẹ̀gbẹ́ àmì =, yálà lọ́tùn-ún tàbí lósì. Àwa tá a fẹ́ràn láti máa fi àmì sórí Yorùbá tún ní láti ṣọ́ra: lẹ́tà lásán, nọ́ńbà àti ìlà ìsàlẹ̀ (_) nìkan ni Bash (ètò tó ń gba àṣẹ tó o bá tẹ̀ sí Terminal) ń gbà nínú orúkọ variable, nọ́ńbà ò sì gbọdọ̀ ṣáájú. Kọ ÌTAJÀ, á sọ fún ẹ pé "not a valid identifier". Àmọ́ ohun tó wà láàárín àmì "" lè ní àmì ohùn bó ṣe wù ẹ́.

Ní Command Prompt, `set ITAJA=Itoku` ni, láìsí àmì "", torí pé á ka àmì náà mọ́ ohun tó o fi pamọ́ ni. `echo %ITAJA%` lo fi máa wò ó. Ti PowerShell (ojú àṣẹ mìíràn ní Windows) ni `$env:ITAJA = "Itoku"`; àlàfo ò dí tiẹ̀ lọ́wọ́.

Ibi tó ti ń rú ọ̀pọ̀ èèyàn lójú rèé. Terminal tó o ti tẹ̀ ẹ́ nìkan ló mọ̀ ọ́n, àti àwọn ètò tó o bá pè láti ibẹ̀, torí wọ́n ń jogún rẹ̀. Terminal kejì tó o ṣí sẹ́gbẹ̀ẹ́ ò mọ nǹkan kan. Tó o bá pa á dé, tàbí tí wọ́n mú iná lọ tí bátìrì náà sì ti kú, ó ti lọ nìyẹn.

Kó lè dúró lórí Linux, tẹ `nano ~/.bashrc` láti ṣí fáìlì tí Bash ń kà nígbàkigbà tó o bá ṣí Terminal, kọ ìlà `export` yẹn sí ìsàlẹ̀ pátápátá, fi pamọ́, kí o wá tẹ `source ~/.bashrc`. Lórí Mac, `~/.zshrc` ni, torí zsh ni Apple ń lò dípò Bash láti macOS Catalina ọdún 2019. Ní Windows, `setx ITAJA "Itoku"`, ṣùgbọ́n ojú tuntun tó o bá ṣí ló máa rí i, kì í ṣe èyí tó o wà nínú rẹ̀.

Tó bá jẹ́ ẹ̀ẹ̀kan péré lo fẹ́ lò ó lórí Linux tàbí Mac, èyí tí èmi fẹ́ràn jù nìyí:

ITAJA="Láfẹ́ńwá" python3 risiti.py

Nínú Python, `os.environ["ITAJA"]` ló máa kà á.

PATH ńkọ́? Àfikún ni kó o máa ṣe sí i, má pa á rẹ́: `export PATH="$PATH:$HOME/bin"`. Tó o bá gbàgbé `$PATH` tó wà láàárín, `ls` pàápàá ò ní ṣiṣẹ́ mọ́; tó ò bá tíì kọ ọ́ sínú .bashrc, ṣí Terminal mìíràn. Má fi `setx` tún PATH ṣe ní Windows, ó ń gé ohun tó bá kọjá lẹ́tà 1024 dànù.

Password ò sí lára ohun tá à ń tẹ̀ tààrà sí `export`, torí Bash ń kọ àṣẹ rẹ sínú `~/.bash_history`. Tẹ `read -rs ASIRI`, tẹ Enter, kọ password náà (kò ní hàn), tẹ Enter lẹ́ẹ̀kan sí i, lẹ́yìn náà `export ASIRI`.

Láti yọ ọ́ kúrò: `unset ITAJA` lórí Linux àti Mac, `set ITAJA=` ní Command Prompt, `Remove-Item Env:ITAJA` ní PowerShell. Tó bá wà nínú .bashrc, pa ìlà yẹn rẹ́ níbẹ̀ pẹ̀lú, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ á tún yọjú nínú Terminal tó o bá ṣí tẹ̀ lé e.