Bí mo ṣe ṣe sọ́sééjì tí kò ní ẹran nínú nílé

Ọ̀pọ̀ àwọn tó máa ń sọ pé àwọn ṣe sọ́sééjì tí kò ní ẹran, ẹ̀wà ni wọ́n lọ̀, wọ́n po ata àti kọ́rì mọ́ ọn, wọ́n yí i gbọọrọ, wọ́n dín in. Kò burú o, èmi náà máa ń jẹ ẹ́, ṣùgbọ́n kẹ́ ẹ má bínú, àkàrà gbọọrọ nìyẹn. Téèyàn bá gé sọ́sééjì jẹ, eyín gbọ́dọ̀ mọ̀ pé òun gé nǹkan, ó gbọ́dọ̀ fà díẹ̀ kó tó já. Ẹ̀wà nìkan ò lè ṣèyẹn torí kò sí ohun tó dì í mú nínú. Ohun tó lè ṣe é wà nínú fúláwà búrẹ́dì, kẹ́ ẹ ṣáà fọ sítáàṣì inú ẹ̀ kúrò kó ku gluten, ìyẹn purotéènì inú fúláwà tó máa ń fà.

Ìdí tí mo fi wá a kiri ni Màmá, ìyá ọkọ mi. Wọ́n ṣe nọ́ọ̀sì ní Lọ́ńdọ̀nù fọ́dún gbọọrọ kí wọ́n tó padà wálé wá jókòó tì wá n'Íbàdàn, gbogbo nǹkan ìlú òyìnbó ni wọ́n ti gbàgbé àfi tíì oní-mílíìkì àti sọ́sééjì àárọ̀. Dókítà wá ní kí wọ́n rọra fi ẹran pupa sílẹ̀, pàápàá irú èyí tí iyọ̀ pọ̀ nínú ẹ̀ yẹn. Mo kọ́kọ́ rò pé ká kàn máa ra ti sóyà ní súpámákẹ́ẹ̀tì, ìgbà tí mo rí iye tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ọn lára mo rọra dá a padà síbi tí mo ti mú un. Àbúrò mi tó jáde ní Babcock ló ní kí n wo ọ̀nà fúláwà. Ìjọ Adventist ló ni yunifásítì yẹn n'Ílíṣàn, wọn kì í se ẹran nílé oúnjẹ wọn, oríṣiríṣi nǹkan tí wọ́n ń fi sóyà ṣe ló ti jẹ níbẹ̀, tó ń kùn nígbà náà, tó wá ń fi ṣakọ báyìí.

Ẹ má sì rò pé àwọn ọmọ ìsinsìnyí ló dá a sílẹ̀. Àwọn ẹlẹ́sìn Búdà ní Ṣáínà ti ń fọ fúláwà jẹ dípò ẹran láti ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọdún sẹ́yìn. Konrad Adenauer tó di olórí ìjọba Jámánì lọ́dún 1949, nígbà tó ṣì jẹ́ mẹ́yọ̀ ìlú Cologne lásìkò Ogun Àgbáyé Kìíní tébi ń pa àwọn èèyàn ẹ̀, sóyà ló fi ṣe sọ́sééjì fún wọn. Ìlú ẹ̀ ò fún un níwèé ẹ̀tọ́ lórí ẹ̀ torí òfin wọn ò gbà kí wọ́n pe ohun tí ò lẹ́ran nínú ní sọ́sééjì, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n jọ ń bára wọn jagun ló fún un lọ́dún 1918. Ẹ wo ọ̀rọ̀.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wọ kíṣìnnì. Ọjà Bódìjà ni mo ti ra gbogbo nǹkan: fúláwà kìlò kan, ẹ̀wà olóyin, irú, alùbọ́sà, aáyù, ewé mọ́ínmọ́ín díẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ń ra fúláwà, ẹ sọ fún ẹni tó ń tà á pé èyí táwọn oníbúrẹ́dì ń rà lẹ fẹ́, torí òun ni purotéènì ẹ̀ pọ̀, ti kéèkì máa fọ́ sí yín lọ́wọ́ ni. Àwọn kan ń ta gluten tí wọ́n ti lọ̀ kúná lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó yá ju èyí lọ lóòótọ́, àmọ́ owó ẹ̀ ò bá mi lára mu.

Mo da fúláwà sínú bàsíà, mo fi ìdajì ṣíbí iyọ̀ sí i, mo ń bu omi sí i díẹ̀díẹ̀ tó fi tó nǹkan bíi 600 ml, mo sì pò ó fún bíi ìṣẹ́jú 10 títí tó fi ń dán tí kò lẹ̀ mọ́ ọwọ́ mọ́. Lẹ́yìn náà mo bu omi tútù bò ó, mo fi sílẹ̀ fún wákàtí kan. Ẹ má fo wákàtí yẹn o, ẹ̀ẹ́ kàn máa wo gbogbo ẹ̀ tó ń bá omi lọ. Purotéènì méjì ló wà nínú fúláwà tá a nílò, glutenin àti gliadin, tí omi bá ti kàn wọ́n tá a sì pò wọ́n, wọ́n á so mọ́ra wọn, àsìkò tí fúláwà tá a pò bá ń sinmi yẹn ni wọ́n máa ń di ara wọn mú dáadáa. Sítáàṣì ò bá wọn so mọ́ nǹkan kan, ó kàn há sáàárín wọn ni, ìdí nìyẹn tí omi fi lè gbé e lọ.

Fífọ̀ ló kù. Mo ń tẹ̀ ẹ́ nínú omi, mo ń fún un, omi funfun báláú, mo sẹ́ ẹ sínú ike ńlá, mo bu òmíràn. Àárín ibẹ̀ ni Màmá wọlé, wọ́n dúró wò mí títí, wọ́n ní, "Ìyàwó mi, ògì lò ń fọ̀ ni àbí kí lèyí?" Mo ní, "Màmá, sọ́sééjì yín ni o." Wọ́n ní, "Sọ́sééjì tí wọ́n ń fọ̀ nínú omi? Ó dáa, a ó rí i." Wọ́n gbé tíì wọn, wọ́n bá tiwọn lọ.

Ibì kan wà tó máa dà bíi pé gbogbo ẹ̀ ti fẹ́ tú ká, ó máa rí jálajàla lọ́wọ́ yín, ẹ má bẹ̀rù, ẹ ṣáà máa kó o jọ, ẹ fi asẹ́ gbe èyí tó bá já, ó máa padà dì. Mi ò fọ̀ ọ́ títí omi fi mọ́ kedere, bó bá ti ku omi tó kàn rú díẹ̀ mo dúró, torí béèyàn bá fọ gbogbo sítáàṣì tán pátápátá ó máa le jù, ẹ̀ẹ́ máa jẹ ẹ́ títí di ọ̀la. Ohun tó kù nínú kìlò kan fúláwà ò ju nǹkan bíi 400 giramu lọ, ó ń fà, àwọ̀ ẹ̀ ò funfun mọ́. Mo gbé e sórí asẹ́ kómi ara ẹ̀ ro.

Ọ̀rọ̀ adùn ló kàn, ibí ni mo sì fẹ́ kẹ́ ẹ fara balẹ̀ sí. Ohun tá à ń pè ní adùn sọ́sééjì, nǹkan ìsebẹ̀ àti ọ̀rá ló pọ̀ jù níbẹ̀, ẹran ò fi bẹ́ẹ̀ dá sí i. Sọ́sééjì Lincolnshire táwọn òyìnbó ń jẹ, ewé sage ló ń ta sánsán nínú ẹ̀, ti Cumberland, ata ni. Tiwa tó ń wà nínú sọ́sééjì róòlù, táìmù, nọ́tímẹ́ẹ̀gì àti ata funfun lẹnu mọ̀. Mi ò rí sage, mo wá fi táìmù ṣíbí kékeré méjì, ewé ẹfinrin méjì péré tí mo gé wẹ́wẹ́ (tó bá ti ju bẹ́ẹ̀ lọ ọbẹ̀ ni ẹ̀ẹ́ máa gbóòórùn), ata funfun ṣíbí kékeré kan, nọ́tímẹ́ẹ̀gì tí mo họ díẹ̀ sí i, ata gígún bó ṣe wù mí. Mo se ẹ̀wà títí tó fi rọ̀, mo bu kọ́ọ̀pù kan nínú ẹ̀, mo fi bílẹ́ńdà lọ̀ ọ́ pẹ̀lú alùbọ́sà kan, aáyù mẹ́ta, irú ṣíbí kan àti sọ́ọ̀sì sóyà ṣíbí ńlá méjì, láìfi omi sí i rárá. Irú yẹn ló ń ṣe iṣẹ́ ẹran níbẹ̀, ẹni tí ò bá mọ̀ ò lè mọ̀ pé irú ni, á kàn mọ̀ pé nǹkan wà níbẹ̀. Ẹ̀wà náà kì í ṣe torí kó lè pọ̀ nìkan: purotéènì fúláwà ò ní lysine tó, ìyẹn ọ̀kan lára àwọn nǹkan tó para pọ̀ di purotéènì tí ara wa nílò, ẹ̀wà sì ní in dáadáa, tí wọ́n bá pàdé wọ́n á bo àṣírí ara wọn.

Ọ̀rá wá ńkọ́? Òróró àgbọn ni. Ó máa ń dì tó bá wà níbi tó tutù, ó sì máa ń yọ́ tó bá ti tó bíi 24°C, tó túmọ̀ sí pé nínú ooru Ìbàdàn kò sígbà tó dì àfi nínú fíríìjì. Mo ti gbé ṣíbí ńlá mẹ́ta síbẹ̀ láti òru, mo gé e wẹ́wẹ́, mo sì tètè fi sí i nígbẹ̀yìn. Òróró lásán ò ṣeé fi rọ́pò ẹ̀ bẹ́ẹ̀, torí èyí tó dì yìí ló máa ń yọ́ nínú ẹ̀ tẹ́ ẹ bá ń dín in, tí ẹnu á fi rí nǹkan tó ń yọ̀.

Láti pò wọ́n pọ̀, gluten ò ní gba ẹ̀wà bọ̀rọ̀, ó máa ń sá fún un ni. Bílẹ́ńdà mi ò lágbára tó ẹ̀, mo bá gbé odó. Mo já gluten wẹ́wẹ́ sínú ẹ̀, mo da ẹ̀wà lé e, mo gún un jẹ́jẹ́ títí wọ́n fi wọnú ara wọn, mo wọ́n ìyẹ̀fun ẹ̀wà díẹ̀ sí i torí ó rọ̀ jù. Mo fi sílẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú 20 kó tún lè fà.

Mo gé fọ́ìlì, mo tẹ́ ewé mọ́ínmọ́ín tí mo ti yọ igi ẹ̀ sínú ẹ̀ torí òórùn, mo bu gluten àti ẹ̀wà tí mo ti gún pọ̀ náà gbọọrọ sí i, mo ká a, mo lọ́ ẹnu méjèèjì le. Ewé nìkan ò lè ṣe é, torí gluten máa ń wú lórí iná, ó máa ń wá ibi tó máa gbà jáde, ẹ jẹ́ kí fọ́ìlì jẹ́ ìpele méjì. Mo to igi ewé sísàlẹ̀ ìkòkò bá a ṣe máa ń ṣe fún mọ́ínmọ́ín, omi díẹ̀ tí kò kan sọ́sééjì, mo dé e, ìṣẹ́jú 45 lórí iná tí kò pọ̀. Iná tó bá pọ̀ jù máa jẹ́ kó ní ihò, á wá rí fúlẹ́fúlẹ́.

Bó ṣe jáde gbóná gbóná yẹn, ẹ má jẹ ẹ́, ẹ̀ẹ́ rò pé ẹ fi àsìkò yín ṣòfò torí bíi búrẹ́dì tútù ló máa ń rí. Ó gbọ́dọ̀ sùn nínú fíríìjì di ọjọ́ kejì, ìgbà yẹn ló máa wá le, tó ṣeé gé. Láàárọ̀ mo fi òróró díẹ̀ dín in, mo ń yí i kẹ́yìn ẹ̀ lè pọ́n yíká, mo gbé e fún Màmá pẹ̀lú ẹyin àti dòdò. Wọ́n gé e, wọ́n wo inú ẹ̀, wọ́n jẹ ẹ́, wọn ò sọ nǹkan kan. Ìgbà tí wọ́n mú ìkejì ni wọ́n ní, "Èyí kì í ṣe ti Lọ́ńdọ̀nù o, ṣùgbọ́n ẹni tó ṣe é gbìyànjú. Fi kún ata funfun ẹ̀." Mo gbà, òótọ́ ni, ata funfun ẹ̀ kéré. Ọkọ mi ò mọ̀ pé kò lẹ́ran nínú, èmi náà ò bá a sọ títí tó fi jẹ tán.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tí ara ẹ̀ ò gba gluten ò gbọ́dọ̀ fẹnu kàn án, ojúlówó gluten lèyí, kò sí bá a ṣe máa yọ ọ́. Irú àwọn bẹ́ẹ̀, àkàrà gbọọrọ tí mo ń yọ ṣùtì sí níbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ mi yẹn ni tiwọn.

Omi funfun tẹ́ ẹ sẹ́ kúrò, ẹ má dà á nù. Tó bá tòrò, ẹ rọra da omi ojú ẹ̀, ẹ po sítáàṣì tó kù pẹ̀lú iyọ̀, alùbọ́sà àti ata, kẹ́ ẹ tẹ́ ẹ pẹlẹbẹ lórí páànù dídín, àwọn ọmọ mi fẹ́ràn ẹ̀ ju sọ́sééjì lọ. Sọ́sééjì fúnra ẹ̀ lè lo ọjọ́ mẹ́rin nínú fíríìjì tí nẹ́pà bá ṣe dáadáa, èyí tó bá máa pẹ́, ẹ jẹ́ kó wà nínú fọ́ìlì ẹ̀ kẹ́ ẹ gbé e sí fírísà. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ dín in, ẹ jẹ́ kó yọ́ tán ná, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ẹ̀yìn ẹ̀ á ti jó, àárín ẹ̀ á ṣì jẹ́ yìnyín.