Bí a ṣe ń fa èèkàn 32 yọ nínú Pokémon Scarlet àti Violet

Èèkàn 32 ni wọ́n rì mọ́lẹ̀ káàkiri Paldea, ilẹ̀ inú eré fídíò yìí, mẹ́jọ fún àwọ̀ kọ̀ọ̀kan. Elése-àlùkò ló ń ṣí ojúbọ Wo-Chien, òfeefèé ti Chien-Pao, àwọ̀ ewé ti Ting-Lu, búlúù ti Chi-Yu: Pokémon mẹ́rin tí wọ́n tì mọ́ inú ojúbọ nìyẹn. Méje péré kò lè ṣí ilẹ̀kùn kankan.

Kọ́kọ́ ṣẹ́gun àwọn Titan márààrún, ìyẹn àwọn Pokémon ńláńlá inú eré náà. Ọ̀pọ̀ èèkàn wà lórí àpáta gíga, ẹran tí ò ń gùn kò sì ní mọ àpáta pọ́n títí dìgbà náà. Èèkàn máa ń tàn yòò, nítorí náà alẹ́ dáa fún wíwá wọn. Máàpù kì í fi èyí tí o ti fà hàn. Kọ ọ́ sílẹ̀ fúnra rẹ. Ẹni tí kò kọ ọ́ yóò tún Paldea rìn látìbẹ̀rẹ̀ nítorí ẹyọ kan.

Kí o tó fọwọ́ kan ilẹ̀kùn, pa autosave (ìfipamọ́ tí eré ń ṣe fúnra rẹ̀), kí o sì fi ọwọ́ ara rẹ ṣe save. Ìpele 60 ni Pokémon mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, wọ́n sì ṣòro mú gan-an. Ju Quick Ball, bọ́ọ̀lù tí a fi ń mú Pokémon ní ìbẹ̀rẹ̀ ìjà, lákọ̀ọ́kọ́. Tó bá kọ̀, lo False Swipe, ìkọlù tí kì í ṣẹ́gun rẹ̀ tán, kí o wá fi Thunder Wave dá a dúró, àyàfi Ting-Lu: ẹ̀yà Ground (ilẹ̀) ni, iná mànàmáná kì í mú un. Spore, ìkọlù tó ń mú Pokémon sùn, náà kì í ran Wo-Chien. Tó bá di alẹ́, Dusk Ball ni kí o lò.