Bí a ṣe ń rìn ní Gates of the Arctic, níbi tí kò sí ọ̀nà

Kò sí títì tó wọ inú ọgbà Gates of the Arctic ní Alaska, wọn ò sì la ipa ẹsẹ̀ kankan síbẹ̀. Láti 1980 tó ti di ọgbà ìpamọ́ ìjọba Amẹ́ríkà, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe fi í sílẹ̀. Bàálù kékeré ló gbé mi wọlé láti Bettles, abúlé kékeré kan nítòsí ọgbà náà, lẹ́ẹ̀mejèèjì tí mo lọ.

Kí ẹ tó wọ bàálù, ẹ yà lọ́dọ̀ àwọn olùṣọ́ ọgbà. Wọn kì í gbowó ìwọlé, wọ́n sì máa ń yá èèyàn ní ike olómorí líle tí béárì kò lè ṣí. Oúnjẹ, ọṣẹ ìfọyín, ìpara, inú ike yẹn ni gbogbo rẹ̀ ń gbé. Ẹ dáná jìnnà sí àgọ́, bí 100 mítà.

Ẹ má fi ìrìn ojú títì díwọ̀n tibẹ̀. Máìlì 6 lóòjọ́, ẹ ti gbìyànjú gan-an. Koríko ló fà á. Ìdì-ìdì ló ń hù nínú ẹrẹ̀, orí rẹ̀ fẹ̀ ju ìdí rẹ̀ lọ. Bí ẹ bá tẹ orí rẹ̀, á yẹ̀. Bí ẹ bá bọ́ sáàárín, ẹrẹ̀ á mu yín dé kókósẹ̀. Odidi ọjọ́ kan ni mo fi bá a jà kí n tó gbà pé ọ̀nà tó yípo ló yá jù: ẹ tọ etídò olókùúta wẹ́wẹ́, tàbí kí ẹ gba orí òkè tó gbẹ.

Odò ni mo fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ fún. Ìdájí ni kí ẹ là á, torí yìnyín orí òkè máa ń yọ́ lọ́sàn-án, omi á sì kún. Ẹ wá ibi tí odò ti fẹ̀, tó ya sí ẹ̀ka mẹ́ta mẹ́rin. Ibi tó rí tóóró ló máa ń jìn. Ẹ tú bẹ́líìtì àpò ẹ̀yìn yín, kí ẹ lè tètè bọ́ ọ sílẹ̀ bí ẹ bá ṣubú. Ẹ má bọ́ bàtà o. Ẹ kọjú sí ibi tí omi ti ń bọ̀, ẹ fi ọ̀pá gúnlẹ̀ níwájú, kí ẹ máa fẹ̀gbẹ́ rìn bí akàn.

Ní odò North Fork Koyukuk, lókè ibi tí Boreal Mountain àti Frigid Crags ti dojú kọra (àwọn òkè méjèèjì yìí ni Robert Marshall, ará Amẹ́ríkà kan tó rìn káàkiri agbègbè náà, pè ní ẹnubodè, níbi tí orúkọ ọgbà náà ti wá), omi dé itan mi lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Mo ń gbọ́ òkúta tó ń yí gbirigbiri nísàlẹ̀ odò. Mo fẹ̀yìn rìn jáde, mo pàgọ́. Ní agogo márùn-ún ìdájí, omi náà ò kọjá orúnkún mi.

Lóṣù Òkúdù oòrùn kì í wọ̀, àmọ́ ẹ̀fọn pọ̀ bí iyanrìn. Ẹ mú àwọ̀n ìbojú dání. Èmi fẹ́ràn oṣù Ògún, ẹ̀fọn á ti dínkù.

Bí ìkùukùu bá bolẹ̀, bàálù tó fẹ́ wá gbé yín ò ní wá. Ọjọ́ méjì ni mo dúró létí adágún. Ẹ fi oúnjẹ ọjọ́ mẹ́ta lé iye tí ẹ ṣírò, kí ẹ sì fi ìka tọ́ka ibi tí ẹ máa dúró sí lórí máàpù fún awakọ̀ bàálù náà kó tó gbéra.